Èèpo Ọsàn Tí À Ń Dà Nù: Ibi Tí Adùn Rẹ̀ Ti Wá

Ohùn mẹ́rin ni mo fi sílẹ̀ ní alẹ́ ọjọ́ Àìkú. Àbúrò wa kan ló bá wa kọ ọ́ sílẹ̀ báyìí nítorí àwọn tí ariwo jẹnẹrétọ̀ kì í jẹ́ kí wọ́n gbọ́ ohùn nínú ọjà, àti ẹ̀yin tí dátà yín kì í pẹ́ tán. Mo tún un tò díẹ̀, àmọ́ ọ̀rọ̀ ẹnu mi náà ni.

Ìtàn obì la sọ kọjá. Tòní, èèpo ọsàn ni. Ẹ má tíì rẹ́rìn-ín.

OHÙN KÌÍNÍ

Ẹ mọ̀ pé èlò kéèkì ni mo ń tà ní Sábóńgàrì: fúláwà, ṣúgà, bọ́tà, yíìsì, agolo tí wọ́n fi ń yan kéèkì. Bí oṣù kẹwàá bá ti wọlé báyìí, àwọn oníkéèkì á bẹ̀rẹ̀ sí í béèrè ohun tí wọ́n ń pè ní mixed peel. Ẹ̀yin tí ẹ ò mọ̀ ọ́n, èèpo ọsàn ni. Wọ́n gé e wẹ́wẹ́, wọ́n sè é nínú ṣúgà títí ó fi ń dán bíi gíláàsì. Òun ló ń fún kéèkì dúdú, ti ìgbéyàwó àti ti Kérésì, ní òórùn tó ń ta síni nímú yẹn. Láti òkè òkun ló ti ń wá nínú ọ̀rá, dọ́là ló sì ń pinnu iye tí à ń tà á. Bí dọ́là bá gun òkè, èèpo ọsàn náà á tẹ̀ lé e.

Ní ọjọ́ kan náà yẹn, tí ẹ bá kọjá sí ọjà 'Yan Lemo ní Na'ibawa, ẹ ó bá ọkọ̀ ọsàn láti Bénúé tí wọ́n ń já ẹrù. Ẹ ó rí àwọn ọmọ tó ń bó ọsàn tà lẹ́bàá títì, ọ̀bẹ ń yí lọ́wọ́ wọn wìrìwìrì. Ẹ ó sì rí èèpo ní ìdí wọn, òkítì òkítì, tí wọ́n máa gbá dà sí kòtò tó bá di ìrọ̀lẹ́. À ń gbá tilé dànù, à ń fi dọ́là ra ti òkèèrè. Ọ̀rọ̀ yìí ń jẹ mí lọ́kàn, ìdí nìyẹn tí mo fi wá ìtàn rẹ̀ kàn.

OHÙN KEJÌ

Ẹ jẹ́ ká bẹ̀rẹ̀ láti orúkọ ọjà yẹn. 'Yan Lemo, àwọn ọlọ́sàn nìyẹn lédè Haúsá. Lemo yìí, ọ̀dọ̀ àwọn Lárúbáwá ló ti wá, àwọn ń pè é ní laymun. Ọ̀rọ̀ yìí náà ló di lemon lẹ́nu àwọn Gẹ̀ẹ́sì. Ẹ rí i pé orúkọ kan ṣoṣo rin aṣálẹ̀ dé Kánò, ó sì tún gba orí omi dé Lọ́ńdọ̀nù. Bí ọsàn fúnra rẹ̀ ṣe rìn náà nìyẹn.

Ibi tí ọsàn ti ṣẹ̀ jìnnà gan-an. Ẹsẹ̀ àwọn òkè Himalaya ni, níbi tí India, Burma àti China ti pààlà. Ọsàn tí à ń mu yìí gan-an, ọmọ àdàpọ̀ ni. Ọsàn ńlá kan tí wọ́n ń pè ní pomelo àti tanjaríìnì ló para pọ̀ bí i. Ẹ̀gbọ́n kan wà fún un, ọsàn kíkorò. Àwọn méjèèjì yìí náà ló bí òun.

Ọsàn kíkorò yìí ni àwọn Lárúbáwá kọ́kọ́ gbé rìn. Wọ́n gbé e láti India dé Persia, dé Síríà, dé Íjíbítì, títí ó fi dé Sisílì àti Spéènì ní nǹkan bí 1,000 ọdún sẹ́yìn. Títí di òní, igi ọsàn kíkorò ló kún ẹ̀bá títì ní ìlú Seville ní Spéènì. Ó ń so pupa rẹ́súrẹ́sú, àmọ́ tí ẹ bá já a, tí ẹ fi sẹ́nu, ẹ ó tu ú dànù. Ó kan, ó sì korò.

Ibí yìí ni kí ẹ ti fetí sílẹ̀ dáadáa, ẹ̀yin oníṣòwò. Ẹni tó ní ọsàn tí kò ṣeé mu, kí ló kù fún un? Èèpo ló kù. Èèpo ọsàn kíkorò nípọn, òórùn rẹ̀ le, epo inú rẹ̀ pọ̀. Nítorí náà, èèpo ni àwọn ará ibẹ̀ ń wò, omi inú rẹ̀ kọ́ ni wọ́n kọ́kọ́ ń rò. Tiwa, ọsàn dídùn ló dé ọ̀dọ̀ wa, a mu omi, a ju èèpo. Kì í ṣe pé wọ́n gbọ́n jù wá lọ. Ohun tí ọwọ́ wọn bà ni wọ́n fi ṣe ọrọ̀.

Àmọ́ èèpo nìkan kò tó. Ó korò. Kí ó tó lè di ohun jíjẹ, ó ní láti rí ohun tó máa dùn bo ìkorò rẹ̀, tó sì máa jẹ́ kó pẹ́ nílẹ̀, torí kò sí fíríìjì nígbà yẹn. Oyin ni wọ́n kọ́kọ́ lò. Lẹ́yìn náà ni ṣúgà dé.

Ìrèké, erékùṣù New Guinea lọ́nà ọ̀hún, létí Ọsirélíà, ni wọ́n ti kọ́kọ́ gbìn ín. Àwọn ará India ni wọ́n kọ́kọ́ se omi rẹ̀ títí ó fi dì, tó di hóró. Àwọn Lárúbáwá kan náà tó gbé ọsàn ló gbé ìrèké, ọ̀nà kan náà ni wọ́n sì gbé e gbà. Ẹ wo bí ọ̀rọ̀ wọn ṣe kù sẹ́nu gbogbo ayé. Sukkar ni wọ́n ń pè é: Haúsá ń pè é ní sukari, Gẹ̀ẹ́sì ní sugar, àwa ní ṣúgà. Ṣúgà tó dì, wọ́n ń pè é ní qand, òun ló di candy. Ohun dídùn, wọ́n ń pè é ní halwa, òun ni alewa tí àwọn ọmọ ń rà lójúde wa ní Kánò yìí. Nítorí náà, nígbà tí ọsàn àti ìrèké pàdé nínú ìkòkò kan, wọ́n ti jọ rìn tipẹ́.

Nílẹ̀ àwọn òyìnbó, ṣúgà kọ́kọ́ jẹ́ oògùn ni. Ọ̀dọ̀ àwọn olóògùn ni wọ́n ti ń rà á, díẹ̀díẹ̀, bí ìgbà tí èèyàn ń wọn góòlù. Èèpo ọsàn oníṣúgà náà wá di ohun tí ọba àti ọlọ́rọ̀ ń jẹ lẹ́yìn oúnjẹ kí ikùn wọn lè rọ̀. Nostradamus tí ẹ máa ń gbọ́ pé ó ń ríran, oníṣègùn ni ní ilẹ̀ Faransé. Ní ọdún 1555, ó tẹ ìwé kan jáde lórí ohun ìpara àti bí a ṣe ń fi ṣúgà tọ́jú èso. Èèpo ọsàn wà nínú rẹ̀.

Ọsàn dídùn ńkọ́? Àwọn Potogí ló tan án kálẹ̀ ní àwọn ọdún 1500, nígbà tí ọkọ̀ wọn ń lọ sí India àti China tó ń bọ̀. Wọ́n tà á débi pé orúkọ wọn ni àwọn Lárúbáwá fi ń pe ọsàn dídùn lónìí, burtuqal. Àwọn ará Tọ́kì ń pè é ní portakal. Ọkọ̀ wọn náà ló gbé e dé etíkun tiwa. Ọsàn tí àwọn baba ńlá wa mọ̀ ṣáájú, ọsàn àgbálùmọ̀ ni. Ìdí nìyẹn tí àwọn àgbà fi ń pe eléyìí ní ọsàn òyìnbó.

OHÙN KẸTA

Mo dúró díẹ̀ kí n tó gba ohùn yìí, torí ibí yìí ló kan ẹ̀jẹ̀ wa.

Ṣé ẹ rí ṣúgà tó jẹ́ oògùn ọlọ́rọ̀ yẹn, báwo ló ṣe wá pọ̀ tó di ohun tí tálákà ń bù sí ògì? Ìrèké kì í ṣe iṣẹ́ èèyàn méjì. Tí ẹ bá gé e lónìí, ẹ gbọ́dọ̀ lọ̀ ọ́ kíá, bí bẹ́ẹ̀ kọ́ omi inú rẹ̀ á kan. Tí ẹ bá lọ̀ ọ́ tán, iná gbọ́dọ̀ wà nídìí ìkòkò lọ́sàn-án lóru. Iṣẹ́ tó ń gé ọwọ́, tó ń jó ara, tí kì í jẹ́ kéèyàn sùn. Kò sẹ́ni tó ń fẹ́ ṣe é. Nítorí náà, wọ́n fi ẹrú ṣe é.

Àwọn Potogí bẹ̀rẹ̀ rẹ̀ ní erékùṣù Madeira ní àwọn ọdún 1400. Wọ́n gbé e dé São Tomé, létí Gàbọ́ọ̀nù níbí, níbi tí wọ́n ti fi àwọn ọmọ Áfíríkà ṣe oko ìrèké ní àwọn ọdún 1500. Láti ibẹ̀ ló ti di ti Brazil. Gẹ̀ẹ́sì àti Faransé náà wá bẹ̀rẹ̀ tiwọn ní àwọn erékùṣù Karíbíà.

Nígbà tí àwọn ẹrú dìde ní Haiti láàárín 1791 sí 1804, tí wọ́n gba ara wọn, ṣúgà ibẹ̀ wọlẹ̀. Cuba wá gbapò rẹ̀. Àkókò yẹn gan-an ni ilé dàrú lọ́dọ̀ wa. Ọ̀yọ́ Ilé túká ní àwọn ọdún 1830, ogun ń ja ìlú dé ìlú, àwọn tí wọ́n kó lójú ogun ń gba etíkun lọ sínú ọkọ̀. Gẹ̀ẹ́sì ti fòfin de òwò ẹrú ní 1807, àmọ́ ọkọ̀ ṣì ń yọ́ lọ sí Cuba títí di àwọn ọdún 1860. Àwọn tó dé Cuba, wọ́n ń pè wọ́n ní Lucumí. Àwọn tó dé Bahia ní Brazil, wọ́n ń pè wọ́n ní Nagô. Àwa náà ni. Ọ̀pọ̀ nínú wọn, oko ìrèké ló gbà wọ́n. Ìdè kò tú pátá ní Cuba títí di 1886, àti ní Brazil títí di 1888.

Ní gbogbo àsìkò yẹn, ṣúgà ń pọ̀ sí i ní Yúróòpù, owó rẹ̀ ń wálẹ̀. Ní Dundee, ní Scotland, ilé iṣẹ́ Keiller bẹ̀rẹ̀ ní 1797. Èèpo ọsàn kíkorò láti Spéènì ni wọ́n ń gé sínú ṣúgà, tí wọ́n ń rọ sínú ìgò, mámáléèdì tí ẹ mọ̀. Ní 1874, ìjọba Gẹ̀ẹ́sì mú owó orí kúrò lórí ṣúgà pátápátá. Láti ìgbà yẹn, òṣìṣẹ́ lásán náà ń jẹ kéèkì tó ní èèpo ọsàn nínú. Kéèkì yẹn ni wọ́n gbé wá bá wa, tó di kéèkì ìgbéyàwó wa.

Kí n má parọ́, nígbà tí mo so gbogbo rẹ̀ pọ̀, mo dákẹ́ fún ìgbà díẹ̀. Ọ̀rá tí mo ń fi dọ́là rà yìí, èèyàn tiwa ni wọ́n fi lagun sí i kí adùn rẹ̀ tó dé ayé.

Àmọ́ ìtàn wa kò parí sínú oko. Ní ìgboro Bahia, àwọn obìnrin wa ń gbé àtẹ. Ẹrú ni ọ̀pọ̀ nínú wọn ṣì jẹ́. Olówó wọn máa ń rán wọn lọ sígboro láti lọ ta oúnjẹ, èso àti ohun dídùn. Iye kan ni wọ́n gbọ́dọ̀ jẹ́ fún un. Èyí tó bá lé, tiwọn ni. Èyí tó lé yẹn ni ọ̀pọ̀ ń tọ́jú, ọdún lé ọdún, títí wọ́n fi ra ara wọn padà, tí wọ́n ra ọmọ wọn. Títí di òní, tí ẹ bá dé Brazil, wọ́n ń se èèpo ọsàn kíkorò nínú ṣúgà, laranja-da-terra ni wọ́n ń pe ọsàn náà, ìyẹn ọsàn ilẹ̀. Ní Cuba náà, wọ́n ń se èèpo ọsàn àti ti gíréépù nínú omi ṣúgà, wọ́n ń fi wàrà jẹ ẹ́. Ẹ̀yin ìyá wa tó ń kiri ní àjòjì ilẹ̀, tó ń dá èsúsú, ẹ mọ̀ pé iṣẹ́ yín ti pẹ́ láyé.

Ọ̀kan tó tún wá yà mí lẹ́nu, apá Àríwá wa níbí ló wà. Ará Jámánì kan, Heinrich Barth, rin aṣálẹ̀ dé Kánò ní 1851, ó sì dé Sókótó ní 1853. Ó kọ ọ́ sínú ìwé ìrìn-àjò rẹ̀ pé òun rí oko ìrèké kan nítòsí Sókótó, àti ibi tí wọ́n ti ń se ṣúgà. Ẹni tó dá a sílẹ̀, ó ti ṣe ẹrú ní Brazil rí, ibẹ̀ ló ti kọ́ iṣẹ́ náà. Ẹ rò ó wò. Wọ́n tà á, ó ṣẹ́rú, ó padà sílé, kò sì fi ìbínú ju iṣẹ́ náà nù. Ó gbé ìmọ̀ tí ìyà kọ́ ọ wálé, ó fi dá tirẹ̀ sílẹ̀. Kí Bacita ní Kwárà tó bẹ̀rẹ̀ sí í ṣe ṣúgà ní àwọn ọdún 1960, ọkùnrin yìí ti ṣe é ní ohun tó lé ní 100 ọdún ṣáájú.

OHÙN KẸRIN

Ẹ̀yin tó ń béèrè pé báwo la ṣe ń ṣe é, ohun tí ẹ ń dúró dè nìyí. Ẹ mú bírò.

Àkọ́kọ́, ẹ má lọ ṣa èèpo nílẹ̀ lọ́dọ̀ ọlọ́sàn o. Lọ́nà kìíní, ó dọ̀tí. Lọ́nà kejì, èèpo tí wọ́n fi ọ̀bẹ bó yẹn fẹ́lẹ́ jù. Àwọ̀ òde nìkan ni wọ́n bó, wọ́n fi funfun rẹ̀ sílẹ̀ kí èèyàn lè rí ibi fi ọwọ́ mú mu ún. Tiwa yìí, òde àti funfun la fẹ́, torí funfun yẹn ló máa mu ṣúgà. Ẹ ra odindi ọsàn, èyí tí èèpo rẹ̀ nípọn. Gíréépù dára jù. Ọsàn wẹ́wẹ́ kò dára, èèpo rẹ̀ fẹ́lẹ́. Bí ọsàn náà bá jẹ́ àwọ̀ ewé, ẹ má bẹ̀rù, ọsàn ilẹ̀ wa máa ń pọ́n láì pupa torí alẹ́ wa kì í tutù tó.

Ẹ fi omi àti iyọ̀ fọ ọ́, ẹ fọwọ́ ra á dáadáa. Ẹ la òde rẹ̀ sí mẹ́rin láì dé inú, ẹ ká èèpo rẹ̀ kúrò. Omi inú rẹ̀, ẹ fún un fún àwọn ọmọ. Ẹ gé èèpo náà ní tẹ́ẹ́rẹ́ tẹ́ẹ́rẹ́, bí ìka kékeré.

Ìkejì, ìkorò. Ẹ da omi tútù sí èèpo, ẹ gbé e kaná. Tó bá hó fún ìṣẹ́jú 10, ẹ da omi yẹn nù. Ẹ tún bu omi tútù míì. Ẹ ṣe é lẹ́ẹ̀mẹ́ta, gíréépù tàbí ọsàn kíkorò á tó ẹ̀ẹ̀mẹ́rin. Omi ló ń gba ìkorò lọ, nítorí náà omi àná kọ́ ni kí ẹ tún fi sè é. Ní ìgbà tó kẹ́yìn, ẹ jẹ́ kí ó rọ̀ tó jẹ́ pé èékánná á wọ inú rẹ̀ wọ́ọ́rọ́wọ́. Tí kò bá rọ̀ kí ṣúgà tó kàn án, kò ní rọ̀ mọ́.

Ìkẹta, ṣúgà. Ife èèpo 2, ife ṣúgà 2, ife omi kan àbọ̀. Ẹ kán omi ọsàn wẹ́wẹ́ díẹ̀ sí i, kí ṣúgà má baà dì padà di hóró. Iná kékeré o! Iṣẹ́ tó ń lọ nínú ìkòkò yẹn ni pé omi ń jáde nínú èèpo, ṣúgà ń wọlé rọ́pò rẹ̀. Tí iná bá pọ̀, òde á le, inú á ṣì kún fún omi, ó sì máa bu. Ohun tí a bá fẹ̀sọ̀ mú kì í bàjẹ́. Wákàtí kan tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ. Tí ẹ bá rí i pé ìmọ́lẹ̀ ń gba inú rẹ̀ kọjá, ó ti tó. Ẹ lé àwọn ọmọ kúrò nídìí iná, ṣúgà gbígbóná máa ń lẹ̀ mọ́ ara, ó ń jó ju omi lọ.

Ìkẹrin, sísá. Ẹ fi asẹ́ yọ ọ́, ẹ tò ó ní ọ̀kọ̀ọ̀kan, ẹ fi nẹ́ẹ̀tì bò ó nítorí eṣinṣin àti èèrà. Àwa tí a wà lókè níbí ni Ọlọ́run ṣe é fún. Ọyẹ́ oṣù kejìlá máa ń gbẹ ẹ́ ní ọjọ́ kan. Àwọn tó wà ní Onítṣà á ní sùúrù tó ọjọ́ méjì mẹ́ta. Tí kò bá lẹ̀ mọ́ra mọ́, ẹ yí i nínú ṣúgà, ẹ kó o sínú ìgò tó gbẹ, tó ní ìdérí. Ó máa ń pẹ́ tó oṣù mélòó kan. Ìdí tí kì í fi bàjẹ́ ni pé ṣúgà ti gba omi inú rẹ̀ tán, kòkòrò kò rí omi mu. Omi ṣúgà tó ṣẹ́kù nínú ìkòkò, ẹ má dà á nù, ó dára nínú zobo àti tíì.

Ẹni tó bá fẹ́ tà á nínú ọ̀rá tó ní orúkọ lára, kó kọ́kọ́ lọ béèrè lọ́wọ́ NAFDAC, kó má lọ kówó síbi tí wọ́n máa ti gba ọjà rẹ̀. Àmọ́ ẹni tó ń se é fún kéèkì ara rẹ̀, tàbí fún ẹbí, ìkòkò àti sùúrù ló nílò. Ẹ ṣe ìṣirò ṣúgà àti gáàsì kí ẹ tó bẹ̀rẹ̀. Èèpo ọ̀fẹ́ ni, ṣúgà kì í ṣe ọ̀fẹ́. Bó ṣe wà láti ọjọ́ yìí wá nìyẹn, ṣúgà ló ń gbówó níbẹ̀, ẹ sì ti gbọ́ ẹni tó san án lákọ̀ọ́kọ́.

Ọ̀rọ̀ mi nìyẹn. Mo ṣì ń ta ti òkè òkun o, mi ò ní parọ́, ọjà ni. Àmọ́ láti ọdún yìí, ìgò tiwa á wà lórí kántà mi lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Ẹnikẹ́ni nínú gúrúùpù tó bá se é tó dára, tó ní ìwé NAFDAC tirẹ̀, kó mú un wá, màá gbà á lọ́wọ́ rẹ̀ tà kí Kérésì tó dé. Ẹ̀yin tó wà ní Mákúdi, ẹ̀yin lẹ sún mọ́ ọsàn jù, ẹ má jẹ́ kí a ti Kánò kọ́ yín.

Ẹni tó bá ní ìbéèrè, kó fi ohùn sílẹ̀, kó má ju ìṣẹ́jú méjì lọ. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má ti fọ́tò òdòdó “ẹ káàárọ̀” bo ìbéèrè àwọn èèyàn mọ́lẹ̀. Ajé á wá o.